Ilé Tó Gbé Baálé Lọ Lọ́jọ́ Ìkọ́mọjáde

Ǹjẹ́ ẹ ti bi ara yín léèrè rí, ẹ̀yin tẹ́ ẹ jókòó síwájú mi yìí, ìdí tí àwọn àgbà fi máa ń sọ pé ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ? Gbogbo wa là ń pa òwe náà. Ẹ ó sọ fún mi pé ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé kí orúkọ ọmọ bá ìtàn ìdílé rẹ̀ mu. Ó dáa, mi ò bá yín jiyàn. Ṣùgbọ́n ẹni tó kọ́kọ́ sọ ọ̀rọ̀ yẹn kò ro ti ìtàn ìdílé kankan o. Èjìká ló fi ń ti ògiri ilé onílé wò bóyá ó dúró dáadáa. Ẹ fara balẹ̀, n ó sọ ohun tí ojú rẹ̀ rí tó fi dẹ́kun fífọkàn tán ògiri.

Ní ìlú kan tó ń jẹ́ Ìdí-Arère, gbẹ́nàgbẹ́nà kan wà tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Ọnàyẹmí. Ó mọ iṣẹ́ igi dunjú; bó bá fá pákó tán, eṣinṣin tó bá bà lé e á yọ̀ ṣubú. Yàrá kan ṣoṣo ni òun àti Àbíkẹ́ ìyàwó rẹ̀ ń gbé nínú agbo ilé àwọn bàbá rẹ̀. Ẹ sì mọ bí agbo ilé ṣe rí. Bí ẹ bá wúkọ́, ará yàrá kejì á ní ẹ pẹ̀lẹ́. Bí ẹ bá bá ìyàwó yín sọ̀rọ̀ wúyẹ́wúyẹ́, wọ́n á dá yín lóhùn láti ẹ̀yìn ògiri. Ó ti pẹ́ tí tọkọtaya yìí ti ń wá ọmọ, gbogbo ilé ló sì ń bá wọn tọrọ rẹ̀ lóhùn òkè láràárọ̀, títí àdúrà náà fi ń ró létí Àbíkẹ́ bí ẹ̀gàn. Ọ̀rọ̀ náà ń dun ọkọ rẹ̀ ju bó ṣe ń sọ ọ́ lọ.

Baálé ilé náà ni Àríkúyẹrí, àgbàlagbà tó síngbọnlẹ̀, olóòótọ́ èèyàn, àmọ́ kò fẹ́ kí ohunkóhun kọjá láìgba ọwọ́ òun. Òun ló ń pín ilẹ̀, òun náà ló ń sọ gbogbo ọmọ agbo ilé lórúkọ. Ilẹ̀ ni kì í fẹ́ pín. Bí Ọnàyẹmí bá bẹ̀ ẹ́ lẹ́yìn ìkórè, á ní kó di ìgbà ọ̀gbìn. Bó bá dìgbà ọ̀gbìn, á ní ṣé wọ́n ń pín ilẹ̀ tí iṣu wà nínú rẹ̀ ni. Orúkọ ni kì í fi falẹ̀ ní tirẹ̀. Ohun tó bá ń dùn ún lọ́jọ́ náà ni ọmọ ọlọ́mọ á máa jẹ́ dọjọ́ ogbó. Ọdún tí òun àti àwọn ìjòyè jà, Ọ̀tẹ̀gbèyẹ ni ọmọ tí wọ́n bí. Nígbà tí àwọn ìyàwó rẹ̀ ń jà lórí ọlọ, díẹ̀ ló kù kó sọ ọmọ kan ní Rògbòdìyàn. Ìyá ọmọ ló kúnlẹ̀ tó bú sẹ́kún kó tó jáwọ́.

Ìdí nìyí tí Ọnàyẹmí fi bá ara rẹ̀ pinnu. Bí Olódùmarè bá fi ọmọ ta òun lọ́rẹ, abẹ́ òrùlé tara òun lòun á ti sọ ọ́ lórúkọ, ẹnu òun lorúkọ náà á sì ti jáde. Àbí, ọmọ téèyàn fi omijé wá, ṣé ó wá yẹ kó máa jẹ́ orúkọ ìjà ọlọ?

Ilẹ̀ ni kò sí. Ó rò ó títí, ó wá sọ fún ìyàwó rẹ̀ pé bí wọn ò bá fún àwọn ní ilẹ̀ tí àwọn á kọ́lé sí, òun lè kan ilé tí kò nílò ilẹ̀. Àbíkẹ́ wò ó. Ó ní ṣé orí igi làwọn fẹ́ lọ máa gbé ni.

Kì í ṣe orí igi. Ọnàyẹmí fi pákó arère, tí kò wúwo, ṣe ògiri ní abala-abala. Ó fi ìmọ̀ ọ̀pẹ hun òrùlé tó ṣeé ká bí ẹní. Ó wá fi ọsán awọ so abala kan mọ́ èkejì kí wọ́n lè máa ṣẹ́ lé ara wọn lórí. Bó bá fa okùn kan báyìí, ilé á dìde. Bó bá dẹ ẹ́, ilé á ká ara rẹ̀, á di ẹrù pẹlẹbẹ kan tí aláàrù mẹ́rin lè gbé. Ìgbà ọyẹ́ ló kàn án. Awọ gbẹ, ó le koránkorán, kò sí abala tó mì. Ó gbé e nàró ṣáájú kí iṣu orí iná ìyàwó rẹ̀ tó jinná, ó bọ́ sínú rẹ̀, ó jókòó, kò sì gbọ́ ohùn ẹnikẹ́ni. Ó ní òun kò mọ̀ títí dọjọ́ náà pé ìdákẹ́jẹ́ẹ́ máa ń dùn lára báyẹn.

Òfin kan wà nínú ilé yẹn: ohun tí kò bá ṣe iṣẹ́ méjì kò gbọdọ̀ wọlé. Àpótí aṣọ ni àga ìjókòó. Pẹpẹ tí wọ́n ń gbé àwo lé ló ń di ògiri ẹ̀yìn mú. Ibùsùn tọkọtaya ló jẹ́ ilẹ̀kùn: bí wọ́n bá tẹ́ ẹ sílẹ̀, wọ́n á sùn lé e, bí wọ́n bá gbé e nàró, wọ́n ti ilẹ̀kùn nìyẹn. Ọgbọ́n náà ga, àmọ́ kò sẹ́ni tó lè sùn kó sì tilẹ̀kùn. Kò pẹ́ tí ewúrẹ́ àdúgbò fi mọ̀. Àbíkẹ́ á jí, á bá òbúkọ tó dúró síbi ẹsẹ̀ rẹ̀ tó ń wò ó bí àna. Ó bẹ ọkọ rẹ̀ pé kó jọ̀ọ́ kan ilẹ̀kùn tó kàn jẹ́ ilẹ̀kùn lásán. Ọkọ rẹ̀ ní ìyẹn á jẹ́ ìfiṣòfò igi. Ọlọ́gbọ́n èèyàn máa ń ṣòro bá gbé, ẹ jẹ́ ká sòótọ́.

Gbogbo ìlú fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́, wọ́n ń pè é ní ilé alágbèéká. Lónìí wọ́n wà létí oko, lọ́la onílẹ̀ á kùn, wọ́n á gbé ilé wọn lọ sẹ́bàá odò. Ibi tí wọ́n ti ń ṣí kiri báyìí ni Àbíkẹ́ ti lóyún. Àwọn kan ní àdúrà àwọn ará ilé ló gbà. Àbíkẹ́ ní bó bá jẹ́ àdúrà ni, ó dúró kí wọ́n kúrò níbi ariwo ná.

Nígbà tí oyún náà dàgbà tí kò ṣeé gbé kiri mọ́, Ọnàyẹmí lọ dọ̀bálẹ̀ fún Baálé. Ó ní kó jẹ́ kí àwọn gbé ilé àwọn kalẹ̀ sábẹ́ igi ayùnrẹ́ kan létí ilẹ̀ ẹbí. Baálé rẹ́rìn-ín.

"Gbé e kalẹ̀," ó ní. "Ẹrù lo ní, o ò ní ilé. Ẹrù kì í gba ilẹ̀ mọ́ onílẹ̀ lọ́wọ́. Ọjọ́ tí mo bá fẹ́ ilẹ̀ mi, n ó kó ìyàwó rẹ padà sínú ilé gidi, n ó sì fi pákó rẹ ṣe igi ìdáná."

Ọ̀rọ̀ igi ìdáná yẹn kò jẹ́ kí Ọnàyẹmí fọkàn balẹ̀. Ó lọ bá àwọn aláàrù tó máa ń bá a gbé ilé náà, ó bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n má jìnnà síbẹ̀. Ó ní ìgbàkígbà tí wọ́n bá ti rí i pé ilé òun ti ká, kí wọ́n má bi òun ní nǹkan kan, kí wọ́n gbé e sá kọjá odò. Ó tún ní bí wọ́n bá gbọ́ ohùn Baálé lẹ́yìn wọn, kí wọ́n má wẹ̀yìn. Àwọn aláàrù ní kó fọkàn balẹ̀, àwọn gbọ́.

Àbíkẹ́ bí obìnrin. Ẹ ò rí bí Ọnàyẹmí ṣe ń sáré kiri abẹ́ igi yẹn lọ́jọ́ náà, tí kò mọ ohun tó ń wá. Àwọn àgbà obìnrin wẹ ọmọ, wọ́n sì sin ibi ọmọ sí ìdí ògiri ẹ̀yìn bí wọ́n ṣe ń ṣe é láyébáyé. Wọn ò tíì ṣe é tán tí Baálé fi dé. Ó ní ọmọ gbọ́dọ̀ wá gbọrúkọ nílé. Ọnàyẹmí ní ilé lọmọ wà. Ohùn ń lọ sókè, àwọn àgbà bá wọn dá sí i, wọ́n sì fi àdéhùn kan parí ẹjọ́ náà. Bí ìkọ́mọjáde bá lọ láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin nínú ilé alágbèéká yẹn, Baálé á pè é ní ilé lójú gbogbo ayé, bàbá ọmọ á sì sọ ọmọ rẹ̀ lórúkọ fúnra rẹ̀. Bí kò bá lọ bẹ́ẹ̀, Baálé ló lorúkọ.

Ọjọ́ pé. Èrò kún abẹ́ igi. Àwọn aláàrù náà wá, wọ́n jókòó sọ́nà ọ̀hún, wọ́n ń jẹun. Àwo oyin, iyọ̀, epo, obì, orógbó àti ataare wà lórí pẹpẹ nínú ilé. Gẹ́gẹ́ bí àgbà ilé, Baálé gbọ́dọ̀ jókòó síwájú àwọn ohun ìsọmọlórúkọ náà kó máa retí ọmọ. Ó wọlé. Nígbà tó wọlé tán, kò sí àyè fún ẹlòmíràn mọ́. Ojú ti Ọnàyẹmí pé kí gbogbo èrò máa wo ilé tí kò ní ilẹ̀kùn, ló bá gbé ibùsùn nàró, ó ti Baálé mọ́nú òkùnkùn pẹ̀lú àwo oyin. Ó rò pé ọ̀wọ̀ lòun ń bù fún un.

Ẹ mọ àṣà wa. Wọ́n á da omi sórí òrùlé, ìyá á gbé ọmọ kọjá létí ibẹ̀, omi tútù á kán sí ọmọ lára, ọmọ á ké, gbogbo èèyàn á yọ̀ pé ó ti wá sáyé lóòótọ́. Ìyá Àgbà, ìyálé gbogbo agbo ilé, ló bu omi. Ó dà á sókè, ó kán sí ọmọ lójú. Ọmọ yán.

Ìyá Àgbà ní omi náà kéré. Ó bu òmíràn, ó dà á. Ọmọ lá a. Àwọn èèyàn ń wo ara wọn, torí ọmọ tí kò bá ké lọ́jọ́ ìkọ́mọjáde, wọn ò mọ ohun tí wọ́n á pè é. Wọ́n gbé odindi ìkòkò wá, ọmọ ń wo ewé igi. Gbogbo obìnrin ilé bá bẹ̀rẹ̀ sí í pọn omi. Ọnàyẹmí ń bẹ ọmọ rẹ̀ nínú pé kó jọ̀ọ́ ké, kó ké díẹ̀ péré. Láti inú ilé, Baálé ń béèrè pé kí ló dé tí omi fi ń kán sí òun lórí.

Òrùlé agbo ilé ti ń gba irú omi bẹ́ẹ̀ láti ayébáyé, ògiri alámọ̀ ló gbé e ró. Awọ ló gbé ti Ọnàyẹmí ró. Ìmọ̀ ọ̀pẹ ti ń gba òjò lórí rẹ̀, àmọ́ omi tí odindi agbo ilé dà sójú kan kọjá agbára rẹ̀. Ẹni tó bá ti rẹ pọ̀nmọ́ sómi rí mọ̀ pé bí awọ ti wù kó le tó, bó bá mu omi, rírọ̀ ló ń rọ̀. Gbẹ́nàgbẹ́nà wa ń jẹ pọ̀nmọ́ lójoojúmọ́ ayé rẹ̀, kò ro ibẹ̀ rárá.

Ilé náà kò wó. Ẹ gbọ́ mi dáadáa, kò wó. Ó ṣe ohun tí ẹni tó kàn án kọ́ ọ pé kó máa ṣe. Ọsán rọ̀, òrùlé ká, ògiri ọ̀tún ṣẹ́ lé ògiri òsì, tẹ̀yìn sì tẹ̀ lé e pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ bí ọmọ tó ní ẹ̀kọ́. Ká tó ṣẹ́jú, ẹrù pẹlẹbẹ ló wà nílẹ̀, àyàfi pé àárín rẹ̀ wú díẹ̀.

Ilé tó bá dùbúlẹ̀ fúnra rẹ̀ lọ́jọ́ ìkọ́mọjáde, ta ni kò ní sá fún un? Èrò tú ká. Ọnàyẹmí gbá Àbíkẹ́ àti ọmọ mọ́ra, ó sá lọ sẹ́yìn igi, ó ń yẹ ọmọ wò láti orí dé ẹsẹ̀. Kò sí ohun tó ṣe é. Àwọn aláàrù gbójú sókè níbi oúnjẹ wọn, wọ́n rí i pé ilé ti ká. Olóòótọ́ èèyàn ni wọ́n. Wọn ò bi ẹnikẹ́ni ní nǹkan kan. Wọ́n gbé e, ó di odò.

Ẹrù náà wúwo lọ́jọ́ yẹn, wọ́n ní omi ló mu. Wọn ò tíì lọ jìnnà tí wọ́n fi gbọ́ ohùn Baálé tó ń pariwo pé, "Ẹ gbé mi kalẹ̀! Ẹ̀yin olè, ẹ gbé mi kalẹ̀!" Ṣé Ọnàyẹmí kò ti kìlọ̀ fún wọn? Wọn ò wẹ̀yìn. Wọ́n tẹsẹ̀ mọ́rìn. Ohùn náà kò jìnnà sí wọn rárá, ni wọ́n bá sáré. Bí wọ́n ṣe ń sáré tó, bẹ́ẹ̀ ni Baálé ń sún mọ́ wọn. Ọ̀kan nínú wọn ní òun kò mọ̀ pé àgbà yẹn ṣì lẹ́sẹ̀ báyẹn.

Nígbà tí Ọnàyẹmí fi máa yọjú lẹ́yìn igi, ibi tí ilé wà ti ṣófo. Ó ní ilé òun dà. Àwọn tó kù ní Baálé dà. Ojú wọn ṣe mẹ́rin. Baálé ò sí, ilé ò sí, ohun ìsọmọlórúkọ ò sí. Ọmọ nìkan ló kù, ó sì ń sùn. Wọ́n gba ọ̀nà, ìyá, ọmọ, Ìyá Àgbà àti gbogbo èrò, wọ́n ń béèrè ilé kiri. Wọ́n bá obìnrin kan tó ń sá èlùbọ́ lẹ́bàá ọ̀nà. Wọ́n kí i kú iṣẹ́, wọ́n ní ṣé ilé kan kọjá níbí.

"Ilé tó ń bú èèyàn yẹn?" obìnrin náà dáhùn. "Ó ti sọ̀ lọ sódò."

Wọ́n bá wọn ní òdìkejì odò, àwọn aláàrù ti jókòó lé ẹrù náà, wọ́n ń mí hẹlẹ. Ọnàyẹmí sáré fa okùn. Ilé ò dìde dáadáa mọ́, àmọ́ ó la ẹnu díẹ̀, Baálé bá rá jáde. Oyin wà lẹ́nu rẹ̀, epo ń ṣàn létí rẹ̀, iyọ̀ kún irùngbọ̀n rẹ̀, omi rin ín gbingbin, ataare wà nínú fìlà rẹ̀. Gbogbo ohun tí wọ́n fi ń sọmọ lórúkọ ti kàn án pátá.

Ìyá Àgbà wò ó, ó ní, "Ó ku orúkọ."

Kò sẹ́ni tó láyà láti rẹ́rìn-ín. Ọmọ jí, ó rí Baálé, ó sì figbe ta débi tí wọ́n fi gbọ́ ọ ní ìlú kejì.

Inú bí Baálé dé góńgó. Ó ní gbogbo ayé ti rí i pé ẹrù ni, kì í ṣe ilé. Àdéhùn ti já, kí wọ́n máa gbé ọmọ bọ̀ nílé, orúkọ rẹ̀ sì ti wà lẹ́nu òun láti inú òkùnkùn tí wọ́n sọ òun sí: Wọ́ngbémilọ ni ọmọ náà á máa jẹ́. Ọnàyẹmí wo pákó rẹ̀ nílẹ̀, ó wo ọmọ tó fi gbogbo ọdún wọ̀nyẹn wá, ojú tì í, ọkàn rẹ̀ sì bàjẹ́. Ó rò ó pé òun ti ro ti ibùsùn, òun ti ro ti pẹpẹ, gbogbo nǹkan lòun ti fún ní iṣẹ́ méjì, àmọ́ òun kò fún ọmọ òun níbì kan tó lè nàka sí pé ilé òun nìyí.

Àbíkẹ́ ló kúnlẹ̀, ọmọ wà lọ́wọ́ rẹ̀.

"Bàbá, òótọ́ lẹ sọ," ó ní. "Ẹrù ni. Òun nìyí, ó ti kọjá odò. Ṣùgbọ́n ibi ọmọ mi kò bá a kọjá. Ẹ̀yìn ni mo fi í sílẹ̀ sí, nínú ilẹ̀ yín, lábẹ́ igi. Bí ẹ bá fẹ́ pe ọmọ yìí ní Wọ́ngbémilọ, ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ padà lọ wo ibi tí ẹnikẹ́ni ò lè gbé lọ."

Wọ́n padà. Ní abẹ́ igi ayùnrẹ́, kò sí ògiri, kò sí òrùlé. Ààrò mẹ́ta wà níbẹ̀, eérú ṣì gbóná nínú rẹ̀. Ojú àgbàrá wà níbi tí wọ́n ti ń wẹ ọmọ. Ilẹ̀ tí wọ́n sin ibi ọmọ sí ti le, ẹnì kan sì ti gbá a. Àgbà náà dúró, ó ń wò ó títí oyin fi gbẹ mọ́ ọn lẹ́nu. Ó mọ̀ bí gbogbo wa ṣe mọ̀ pé ilẹ̀ tí a bá ti sin ibi ọmọ sí, kò ṣeé gbà lọ́wọ́ ọmọ náà mọ́. Ó sì mọ̀ pé ká ní òun ti pín ilẹ̀ nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ bẹ òun ni, kò sí aláàrù tí ì bá gbé òun sọdá odò.

"Ọnàyẹmí," ó ní, "kí lo fẹ́ pe ọmọ yìí?"

"Ilésanmí ni, Bàbá."

"Ilé dà?"

"Ẹ dúró lé e lórí."

Baálé wo ẹsẹ̀ rẹ̀. Ó rọra sún kúrò. Ó ní kí wọ́n pè é bẹ́ẹ̀, kí bàbá rẹ̀ sì fi amọ̀ mọ ilé sórí ilẹ̀ náà kí òjò tó bẹ̀rẹ̀. Wọ́n tọ oyin tó kù ní ìsàlẹ̀ àwo, wọ́n fi kan ọmọ lẹ́nu, Ọnàyẹmí pe orúkọ ọmọ rẹ̀ fúnra rẹ̀. Ó pè é tán, ó tún un pè, bí ẹni tí kò tíì gbà gbọ́.

Ṣùgbọ́n ẹni tí ilé bá ti gbé lọ rí, ó mọ ohun tó mọ̀. Láti ọjọ́ náà, Àríkúyẹrí kì í wọ ilé ìkọ́mọjáde mọ́ láìkọ́kọ́ yí i po. Á fi èjìká ti ògiri. Á fa etí òrùlé, á béèrè ohun tí wọ́n fi so ó. Bó bá rí aláàrù nítòsí, á ní kí wọ́n kọ́kọ́ fún wọn lóúnjẹ, kí wọ́n máa lọ. Oòrùn á mú, oúnjẹ á tutù, àwọn ìyá ọmọ á máa bẹ̀ ẹ́ pé kó jọ̀ọ́ wọlé. Bí wọ́n bá wá yọ ọ́ lẹ́nu jù, á tún ògiri tì lẹ́ẹ̀kan sí i, á yíjú sí wọn, á ní, "Ẹ ní sùúrù fún mi. Ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ."